Ẹ̀fẹ̀ alẹ́ Jímọ̀ ní búkà apá Kútọ̀: ẹ lọ, ṣùgbọ́n ẹ jókòó síwájú

Kí n tètè sọ ọ́ kí n tó gbàgbé, ẹni tí ebi ń pa kó má lọ síbẹ̀ lálẹ́ Jímọ̀ o. Oúnjẹ á pẹ́, ẹ ó pe ọmọ tó ń gbé e kiri títí ohùn yín á fẹ́ẹ̀ há, "ó ń bọ̀ mà, ó ń bọ̀ sà" lẹ ó máa gbọ́. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín tó jẹ́ pé ọpọlọ ló kọ́kọ́ máa ṣubú kí ẹnu tó là, mi ò tíì rí ibòmíì ní Abẹ́òkúta báyìí tó ju ibẹ̀ lọ. Mi ò ní dárúkọ búkà náà torí mo ní ẹjọ́ díẹ̀ tí mo fẹ́ rò nísàlẹ̀, mi ò dẹ̀ fẹ́ ba ọjà ẹlòmíì jẹ́. Ẹni tó bá mọ apá Kútọ̀ dáadáa á ti fura, ibi tí wọ́n ti ń ta ọ̀fadà nínú ewé, tí wọ́n fi tápólì búlúù bo àgbàlá ẹ̀ ni.

Owó ìwọlé ₦3,000, mínírà kan tàbí omi wà nínú ẹ̀. Oúnjẹ yàtọ̀ síyẹn.

Irú àwàdà tí wọ́n ń ṣe níbẹ̀ kì í ṣe èyí téèyàn á gba maikì tí á kàn máa bú ìyá ìyàwó ẹ̀. Ọ̀rọ̀ ni wọ́n fi ń ṣeré. Wọ́n á mú ẹ gba ọ̀nà kan lọ, ìwọ náà á máa tẹ̀lé wọn, o ti rò pé o mọ ibi tí wọ́n ń lọ, àṣé ibòmíì lo máa já sí, ìwọ fúnra ẹ lo dẹ̀ máa fi ẹsẹ̀ ara ẹ rìn débẹ̀. Látẹnu ọ̀nà ló ti bẹ̀rẹ̀. Pátákó tí màmá oníbúkà gbé síta, wọn ò fi àmì ohùn kankan sórí ẹ̀, lẹ́tà gàdàgbà gàdàgbà ni wọ́n fi kọ ọ́: A N DANA LOJU ONA YI LOJOOJUMO. Mi ò mọ̀ bóyá wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ ni àbí ẹni tó kọ ọ́ ni kò lè fi àmì sí i, ṣùgbọ́n aláwàdà àkọ́kọ́ ò lè rí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ kó fojú fò ó. Ó ní àwọn ọlọ́pàá ti wá síbí lọ́sẹ̀ tó kọjá, wọ́n rí pátákó, wọ́n ní àwọn wá mú gbogbo àwọn tó ń dánà lójú títì yìí. Màmá ní ẹ wọlé ẹ jókòó, ẹ má bínú, ó ti fẹ́ẹ̀ jinná. Gbogbo ilé pariwo. Ibi tó wá dùn sí ni pé bàbá kan láti ẹ̀yìn náà tún pariwo pé "ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀ ọ́n dá tó báyìí, ìgbà wo lẹ máa wá dána nílé wa, ọmọ wa ti ń dàgbà!" Àwọn kan lu tébù títí mínírà fi dànù. Dáná, dánà, dána, ẹ kọ ọ́ láìsí àmì lórí fóònù yín kẹ́ ẹ wò ó, bákan náà ni gbogbo ẹ̀.

Ọkùnrin àkọ́kọ́ yẹn gan-an ló ń mú mi lọ síbẹ̀. Tínrín ni, bùbá àdìrẹ ló sábà máa ń wọ̀, ojú ẹ̀ kì í rẹ́rìn-ín rárá, á kàn máa wo yín bíi pé ẹ jẹ ẹ́ lówó. Ohùn jẹ́jẹ́ ló fi ń sọ̀rọ̀. Ó jáde lọ́jọ́ kan, ó mí kanlẹ̀, ó ní "ẹ bá mi kẹ́dùn o, Oyin ta ewúrẹ́ màmá mi." Àwa náà ní yéè, pẹ̀lẹ́ o. Ó ní "ní Òṣíẹ̀lẹ̀ ni o, lọ́sàn-án gangan." A tún ní háà, ẹ kú ìrọ́jú. Obìnrin kan níwájú mi tiẹ̀ bi í bóyá ewúrẹ́ ọ̀hún ti wú. Ó wo obìnrin yẹn pẹ́, ó ní "kò wú mà, owó ẹ̀ la ń wá. Ọmọ yẹn tà á tán, kò fún màmá mi ní kọ́bọ̀."

Ẹ wo iṣẹ́ tó wà nínú nǹkan kékeré yẹn. Kò parọ́ fún wa rárá. Tó bá ní "ó tà á", ohùn ẹ̀ á wálẹ̀, kò sẹ́ni tó máa ṣì í gbọ́, tó bá dẹ̀ jẹ́ oyin inú igbó, "ó ta á" ló máa jẹ́, ìyẹn náà hàn kedere. Ṣùgbọ́n tó bá ti ki orúkọ nǹkan sẹ́yìn ẹ̀, pé "ta ewúrẹ́", ohùn ti ọlọ́jà á gòkè díẹ̀, á bá ti oyin àti akeekèé dọ́gba, etí ò ní lè yà wọ́n sọ́tọ̀ mọ́. Ó mọ ibi tí èdè ti pa ọ̀nà méjì pọ̀, ibẹ̀ ló dẹ̀ dúró sí dè wá. Ó wá lo Oyin, tó jẹ́ pé kòkòrò ni gbogbo wa máa kọ́kọ́ rò, bẹ́ẹ̀ Oyin pọ̀ nínú àwọn ọmọ wa tí wọ́n ń gé orúkọ wọn kúrú. "Ní Òṣíẹ̀lẹ̀, lọ́sàn-án gangan" tó sọ yẹn, ó bá méjèèjì mu, ìyẹn ló fi ti ilẹ̀kùn mọ́ wa. Àti pé kò sọ ọ̀rọ̀ tó máa tú u fó kó tó jẹ́ pé àwa ló bi í, ó dúró de ẹni tó máa bi í. Tẹ́nikẹ́ni ò bá bi í ńkọ́? Mo ti rí i kó ṣẹlẹ̀, ó kàn dákẹ́, ó mu omi, títí ẹnìkan fi bi í.

Ẹ̀yà kejì tó máa ń ṣe ni ti "bọ̀ọ̀dá mi". Bọ̀ọ̀dá òun pa mílíọ̀nù méjì láàárín oṣù kan péré, nínú yàrá kan ṣoṣo, kò jáde nílé. Ẹ mọ̀ pé lásìkò yìí tẹ́nu bá ti ba mílíọ̀nù, gbogbo etí ló máa ń dìde, àwọn ọmọkùnrin tó jókòó sí ẹ̀gbẹ́ jẹnẹrétọ̀ ti ń bi í pé iṣẹ́ wo nìyẹn, ṣé íntánẹ́ẹ̀tì ni. Ó ní rárá o, iṣẹ́ ọwọ́ ni, Ọlọ́run ló fi jíǹkí ẹ̀. Wọ́n ní kó mú àwọn náà mọ bọ̀ọ̀dá. Ó ní kò burú, kí kálukú múra sílẹ̀, kó mú àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì wá, torí ẹ̀fọn ibẹ̀ pọ̀. Àwọn ọmọ yẹn gan-an ló rẹ́rìn-ín jù, bó tiẹ̀ jẹ́ pé àwọn ni wọ́n fi ṣe yẹ̀yẹ́.

Ó tún máa ń bi àwọn èèyàn pé kí ni wọ́n jẹ lónìí. Wọ́n á ní ọ̀fadà, wọ́n á ní láfún. Á ní "èmi jẹ owó ilé oṣù mẹ́fà, ikùn mi ò dẹ̀ tíì kún, mo tún máa jẹ òmíì." Ìyẹn kúrú, kò ṣe bàbàrà, ṣùgbọ́n ó dáa fún ìbẹ̀rẹ̀, ó ń jẹ́ kí etí jí.

Èyí tó wá gbé mi ṣubú pátápátá, ọmọbìnrin kan ló ṣe é, mo rò pé akẹ́kọ̀ọ́ ni, ó máa ń jáde ṣìkẹta. Kò gbé ara ẹ̀ sókè rárá, ó kàn dúró bí ẹni tó wá ra nǹkan. Ó ní "mo ní ọ̀kan nílé o. Ó ti ń dàgbà. Tó bá di àárọ̀, kí ó tó jí, wàhálà. Á kọ́kọ́ húkọ́, á tún dákẹ́, á tún húkọ́, èéfín á wá bo gbogbo ilé. Ìgbà míì mo máa ní láti tì í kó tó lè kúrò lójú kan. Epo tó ń mu, ẹ má bi mí." Àwọn ọkùnrin ti ń gbà á nímọ̀ràn, ọ̀kan ní ó lè jẹ́ púlọ́ọ̀gì, ìkejì ní kó lọ pààrọ̀ bátìrì, mẹ́káníìkì kan tó wà ńbẹ̀ tiẹ̀ dìde dúró, ó ní kó gbé e wá sí ọ̀dọ̀ òun ní Lafẹ́nwá lọ́la, òun máa tú u palẹ̀ wò. Ọmọbìnrin yẹn ní "ẹ ṣeun sà. Ẹ jọ̀ọ́ ẹ rọra tú u, bàbá àwọn ọmọ mi ni."

Ẹ lọ wo gbogbo ohun tó sọ látòkè, kò sọ "ọkọ̀" níbì kankan, kò dẹ̀ sọ "ọkọ". Ó mọ̀ pé tóun bá fẹnu kan èyíkéyìí nínú méjèèjì, ohùn ló máa tú òun fó, torí ọ̀kan wálẹ̀, ọ̀kan dúró. "Ó" ni, "í" ni, "ẹ̀" ni. Èdè tiwa ò ya ọkùnrin sọ́tọ̀ kúrò lára obìnrin nínú "ó", kò tiẹ̀ ya èèyàn sọ́tọ̀ kúrò lára ewúrẹ́ àbí mọ́tò. Ẹni tó bá fẹ́ sọ irú ìtàn yìí lédè Gẹ̀ẹ́sì á ti kọ́kọ́ tú àṣírí ara ẹ̀ láti ọ̀rọ̀ kìíní, àyàfi tó bá wá ọgbọ́n míì dá sí i. Èéfín yẹn ńkọ́? Sìgá ni. Epo yẹn ńkọ́? Ẹ̀yin náà mọ ohun tí wọ́n ń pè lépo láàárín àwọn ọ̀mùtí.

Wọ́n ní onígángan kan níbẹ̀. Ẹ má fi ojú onílù lásán wò ó o, ìdajì ẹ̀rín alẹ́ yẹn tiẹ̀ ni. Ẹ mọ̀ pé gángan ò ní ẹnu, ohùn nìkan ló ń gbé jáde, òkè, àárín, ìsàlẹ̀, tó bá ti lù ú tán ó kù sí àwa tá a gbọ́ ọ láti wá ọ̀rọ̀ sí i. Alágbára kan wọlé lọ́jọ́ náà, agbádá funfun, àwọn èèyàn sì yà fún un, àyàn bá lù ú fún un, ohùn ìsàlẹ̀, òkè, àárín, òkè. Inú bàbá dùn, ó gbọ́wọ́ sókè. Aláwàdà ní "Àyàn, kí lo wí?" Ó tún un lù. Gbogbo ilé ní "Ọ̀gá ti dé!" Ó ní ẹ má parọ́ fún mi, mo jẹ bàbá yẹn lówó, "Ọ̀tá ti dé" ni ìlù wí. Ẹ wò ó, kò sí irọ́ nínú ẹ̀, ohùn kan náà ni. Bàbá náà rẹ́rìn-ín, ó jókòó, ṣùgbọ́n kò mú nǹkan kan jáde nínú agbádá. Ó pẹ́ díẹ̀, wọ́n ti ń sọ nǹkan míì lọ, gángan tún dédé dún lẹ́ẹ̀kan, ohùn yẹn náà. Aláwàdà ò tiẹ̀ bojú wẹ̀yìn, ó ní "ẹ gbọ́ nǹkan tó wí báyìí? Ọ̀dá ti dé." Ibẹ̀ ni bàbá ti na ọwọ́ sápò.

Wọn kì í ná owó léèyàn lórí níbẹ̀ mọ́, òfin CBN ọdún 2007 ti ní ẹ̀ṣẹ̀ ni, àwọn EFCC náà ò dẹ̀ fi ọ̀rọ̀ ẹ̀ ṣeré mọ́, igbá ni wọ́n gbé síwájú. Ẹnìkan fẹ́ ju igba náírà sínú ẹ̀, aláwàdà ní "bọ̀ọ̀dá, igbá yìí ò gba igba o, ìgbà ti yí padà." Mo ti ń lo ìyẹn nílé látìgbà yẹn fún gbogbo ọmọ tó bá bi mí pé ṣé igba náírà ò tó fún bọ́ọ̀lì.

Àwọn tó bá ń sọ pé irú ẹ̀fẹ̀ báyìí ò ní gbòǹgbò, kí wọ́n rántí pé ọ̀nà yìí náà làwọn baba wa fi ń kọ lẹ́tà. Owó ẹyọ mẹ́fà téèyàn so pọ̀ ránṣẹ́ sí ẹnì kejì, ẹ̀fà, ìyẹn ni pé ọkàn mi fà sí ẹ. Tí èsì bá padà wá ní mẹ́jọ, ẹ̀jọ, ọ̀rọ̀ wa jọra nìyẹn, ẹ lọ múra ìdána. Àti pé nínú ìpínlẹ̀ wa yìí náà, lápá Yewa, kí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tó jáde lọ́sàn-án, alẹ́ ẹ̀fẹ̀ ló máa ń ṣíwájú ẹ̀, ẹlẹ́fẹ̀ á dúró láàárín agbo, á fi orin bá oníwà burúkú wí láì bẹ̀rù ẹni tó jẹ́ ìjòyè, ẹni tọ́rọ̀ bá bá ló máa mọ̀. UNESCO ti ka Gẹ̀lẹ̀dẹ́ mọ́ ohun ìṣẹ̀ǹbáyé tó yẹ kí gbogbo ayé tọ́jú láti ọdún 2001. Nígbà tí aláwàdà yìí bá ń sọ̀rọ̀ kòtò ojú títì àti àwọn tó gba iṣẹ́ ẹ̀, ẹsẹ̀ ẹlẹ́fẹ̀ ló ń tọ̀, bó mọ̀ bí ò mọ̀.

Ó tiẹ̀ ní abala kan tó máa ń fi òwe ṣe. Á bẹ̀rẹ̀ ẹ̀, á ní ká parí ẹ̀, a máa parí ẹ̀ bá a ṣe mọ̀ ọ́n, á ní a ò gbà á. "Ilé ọba tó jó?" A ní ẹwà ló bù sí i. Ó ní rárá, kọngílá ló bù sí i. "Àgbà kì í wà lọ́jà?" A ní kí orí ọmọ tuntun wọ́. Ó ní "kí orí ewúrẹ́ wọ́n. Ibo wá lẹ̀yin àgbà wà látọdún tó kọjá?" Àlọ́ náà ńkọ́: "Gbogbo ilé sùn, Káńbó ò sùn." Tọmọdé tàgbà ní imú! Ó ní "tiyín nìyẹn, tèmi, jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò mi ni." Ọgbọ́n ibẹ̀ ni pé ìdáhùn tá a mọ̀ látilé ìyá wa ló fi dẹkùn fún wa. Tẹ́ni tí ò gbọ́ àlọ́ rí bá wà láàárín wa, ẹni yẹn nìkan ni kò ní kó sí i, òun náà ni kò dẹ̀ ní rẹ́rìn-ín. Mo ṣàkíyèsí ẹ̀ lára àwọn ọmọ Èkó kan tí wọ́n wá wo Olúmọ, tí ẹnìkan júwe búkà yìí fún, wọ́n ń wojú ara wọn ni, mínírà ni wọ́n ń mu. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ bá ní àlejò báyẹn, ẹ kọ́kọ́ mú wọn lọ sójà àdìrẹ ní Ìtòkú, ẹ̀fẹ̀ yìí lè dúró.

Ó yá, ẹjọ́ mi dé.

Sípíkà wọn ò dáa. Mi ò mọ ẹni tó tà á fún wọn. Ó ń pariwo dáadáa, ariwo kọ́ ni wàhálà ẹ̀, ohùn ló ń bà jẹ́, gbogbo ohun tó bá bá ibẹ̀ jáde ló ń dún bákan náà, òkè ò yàtọ̀ sísàlẹ̀. Tó bá jẹ́ pé àwọn tó ń jó ni wọ́n ń lù ú fún, kò burú, ta ló ń bi ijó léèrè ọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tó jẹ́ pé ohùn ló fi ń dẹkùn, tí sípíkà bá ti gbé ohùn yẹn mì, kí ló kù? Ẹni tó jókòó lẹ́yìn ò ní mọ̀ bóyá igbá ni wọ́n wí àbí igba. Àwa tá a fi rédíò gbọ́ Gbenga Adeboye kó tó kú lọ́dún 2003 mọ ohun tí mò ń sọ. Ẹnu kan ṣoṣo ni, ó ń jẹ́ Alhaji, ó ń jẹ́ Pastor, ó ń jẹ́ Olúwo, kò sẹ́ni tó rí ojú ẹ̀, gbogbo bó ṣe ń yí ohùn padà ń wọ etí wa ṣinṣin ni wọ́n ṣe ń rẹ́rìn-ín láti ilé dé inú mọ́tò. Baba Sala lè gbé aago ńlá kọ́ ọrùn, kí wọ́n wo aṣọ ẹ̀ kí wọ́n ti máa rẹ́rìn-ín kó tó la ẹnu. Ẹni tó fi ọ̀rọ̀ ṣe é ò ní aago, etí wa nìkan ló ní. Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbé owó kúrò lórí iná pupa, iná aláwọ̀ ewé tẹ́ ẹ fi ń ṣe ọ̀ṣọ́ yẹn, ẹ fi ra sípíkà gidi.

Jẹnẹrétọ̀ náà. Wọ́n gbé e sí ẹ̀yìn ògiri lóòótọ́, ṣùgbọ́n ògiri yẹn ò ga. Tí wọ́n bá gbé iná wá láàárín, tí wọ́n pa jẹ́n, ẹ ó kàn rí i pé ẹ̀rín á pọ̀ sí i lójú ẹsẹ̀, àwàdà ò yí padà, etí ló là.

Wọ́n kọ ago mẹ́fà sórí ìwé ìpolówó, ó ti lé dáadáa lẹ́yìn ago méje kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Mi ò bá wọn jà lórí ìyẹn, a mọ ara wa. Ẹ̀rọ POS wọn náà máa ń kọ iṣẹ́, ẹ mú owó ọwọ́ dání.

Èyí tí mo wá fẹ́ bá wọn jà lé lórí gidi ni ọkùnrin kejì. Mi ò mọ ìdí tí wọ́n fi ń gbé maikì fún un. Ohun tí wọ́n ń sọ lókè òkun ló máa ń kó wá, á fi Yorùbá sọ ọ́, á wá dúró kí a rẹ́rìn-ín. Ó bi wá pé kí ló dé tí adìẹ fi kọjá sí òdìkejì títì. Ní Abẹ́òkúta! Níbi tí adìẹ ti ń kọjá títì ju èèyàn lọ! Ẹnìkan ní bóyá ilé wọn ló wà lọ́hùn-ún, ẹlòmíì ní bóyá wọ́n fẹ́ pa á ni. Ó ní ó kọjá kó lè dé òdìkejì ni. A dákẹ́. Àwàdà yẹn ò burú níbi tó ti wá o, ó ti wà nínú ìwé ìròyìn kan ní New York láti ọdún 1847, ohun tó ń pa wọ́n lẹ́rìn-ín ni pé wọ́n ti múra sílẹ̀ de ìdáhùn ọlọ́gbọ́n, ìdáhùn wérewère ni wọ́n bá. Ṣùgbọ́n kó tó lè ṣiṣẹ́, ẹni tó ń gbọ́ ọ ní láti ti máa retí ọgbọ́n. Àwa ò retí nǹkan kan. Ìbéèrè gidi la pè é, a dẹ̀ dáhùn ẹ̀ dáadáa.

Nígbà tó rí i pé a ò rẹ́rìn-ín, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé. Háà. Ó ṣàlàyé adìẹ títí. Lẹ́yìn náà ló wá yíjú sí obìnrin kan tó sanra níwájú, ó ní àga ń sunkún. Àwọn kan rẹ́rìn-ín, mi ò sọ pé wọn ò rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n kò sí ìtàkìtì kankan nínú ìyẹn, kò sí ọ̀nà tó mú wa gbà, kò sí ọ̀rọ̀ tó yí padà lọ́wọ́ ẹ̀, èébú ni, maikì ló kàn gbé e sókè. Ẹ fi wé ti àkọ́kọ́ tó pe alágbádá lọ́tàá tó tún pè é lọ́dàá, tí bàbá yẹn fi ọwọ́ ara ẹ̀ mú owó jáde. Obìnrin yẹn gbé báàgì ẹ̀, ó lọ sídìí ibi tí wọ́n ti ń bu oúnjẹ, kò padà jókòó síwájú mọ́. Mo rí màmá tó ń bẹ̀ ẹ́, ó bu ẹran sí i láfikún. Ó dáa bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó yẹ kó bẹ̀ ẹ́ wà lórí pèpéle, ó ń wá àga ẹlòmíì.

Oúnjẹ: ọ̀fadà àti ata dúdú pẹ̀lú ẹran méjì, ₦4,500. Ìrẹsì yẹn jinná dáadáa, òórùn ẹ̀ pé, òkúta ò sí nínú ẹ̀, ewé tí wọ́n fi wé e tútù, tẹ́ ẹ bá ń tú u ooru ẹ̀ á kọ́kọ́ gbá yín lójú. Ata ẹ̀ ń ta gan-an o, ó dẹ̀ ń tà gan-an, tó bá fi máa di ago mẹ́sàn-án kì í kù. Láfún wọn ni mi ò fẹ́ràn, ó le jù, ọmọ Ẹ̀gbá kì í fi láfún ṣeré, kí wọ́n wá ẹlòmíì tó máa rò ó. Ewédú ò ní ẹ̀sùn. Pọ̀nmọ́ ńlá ni.

Ẹ pe oúnjẹ yín kẹ́ ẹ tó jókòó, ẹ dúró ti ọmọ yẹn títí á fi kọ ọ́ sílẹ̀. Àga tó dáa jù ni àwọn ìlà méjì àkọ́kọ́ lọ́wọ́ òsì, ibẹ̀ ló sún mọ́ ẹnu aláwàdà fúnra ẹ̀, ẹ ò ní nílò sípíkà, ó dẹ̀ jìnnà sí jẹ́n. Tẹ́ ẹ bá ti rí i tí ọkùnrin kejì ń gun orí pèpéle, ẹ yáa lọ tọ̀ ní àkókò yẹn, ìlà ibẹ̀ máa ń gùn, ṣùgbọ́n ẹ padà kíá torí ọmọbìnrin yẹn ló tẹ̀lé e, kì í dẹ̀ pẹ́ kó tó gbé ti ẹ̀ kalẹ̀. Nínú márùn-ún, mo fún ẹ̀fẹ̀ ní mẹ́rin, mo fún oúnjẹ ní mẹ́ta ààbọ̀, mo fún sípíkà ní òfo, ẹ jẹ́ ká pè é ní mẹ́ta lápapọ̀. Àwọn tó ń padà sí Lafẹ́nwá, Micra máa ń ṣọ̀wọ́n lẹ́yìn ago mẹ́wàá, ọlọ́kadà á dẹ̀ lé owó, ẹ bá a ná an dáadáa kẹ́ ẹ tó gùn ún.